Ọgbọ̀n Ọdún Tí Mo Fi Ìka Tọ́ka Sí

Ẹni tó bá sọ fún yín pé ìfẹ́ kò mọ ìṣirò, ẹ má bá a jiyàn. Ẹ kàn bi í bóyá ó ti fi owó báńkì ra ilé rí. Èmi ti fi rà á. Onídìrí ni mí, iṣẹ́ orí ni mò ń ṣe láti àárọ̀ di ìrọ̀lẹ́, ṣùgbọ́n lọ́jọ́ tó yẹ kí n lo orí tèmi, ìka ni mo lò. Kí n tó débẹ̀, ẹ jẹ́ kí n sọ bí mo ṣe pàdé ọkùnrin tó kó mi sí i, tàbí tí mo kó sí i, torí a ò tíì pinnu èwo ni títí dòní.

Omi ló so wá pọ̀. Láàárọ̀ ọjọ́ Ẹtì kan, páìpù abẹ́ béésìnì tí mo fi ń fọ irun bẹ́, omi gba gbogbo ṣọ́ọ̀bù. Obìnrin kan wà lórí àga, ọṣẹ kún orí rẹ̀, ó di ojú méjèèjì pa. Oníbàtà tó wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ ṣọ́ọ̀bù mi fún mi ní nọ́ńbà púlọ́ńbà kan, mo sì pè é. Nígbà tó wọlé, ó sọ nǹkan kan, n kò gbọ́.

"Ẹ ní kí ni?"

"Mo ní ẹ kú iṣẹ́."

"Ṣé iṣẹ́ lẹ rí níbí? Omi lẹ rí!"

"Mo rí i," ó ní, ohùn rẹ̀ kò sì ròkè ju ti tẹ́lẹ̀ lọ. "Ibo lẹ ti ń ti omi pa?"

"Tí mo bá mọ̀, ṣé màá pè yín?"

"Ẹ̀yin méjèèjì," oníbàárà mi pariwo, "ẹ lè fẹ́ra yín tó bá yá, ọṣẹ ti ń wọ̀ mí lójú o!"

Kí púlọ́ńbà yìí tó fọwọ́ kan páìpù, ó gba korobá lọ sọ́dọ̀ oníbàtà, ó pọn omi wá, ó sì gbé e dání kí n fi ṣan orí obìnrin náà. Ìgbà tí ojú obìnrin náà là tán ló tó wọ abẹ́ béésìnì. Mo ti rí oríṣiríṣi ọkùnrin tí ẹnu wọn dùn, n kò tíì rí èyí tó kọ́kọ́ ro ti ojú ẹni tí kò mọ̀ rí. Àyà mi já. Mo bá a fa owó iṣẹ́ gan-an kó má baà hàn.

Ní ọjọ́ kẹta, ó padà wá wò ó bóyá ó ń jò. Kò jò. Ọ̀sẹ̀ tó tẹ̀ lé e, ó tún wá. Àwọn oníbàárà mi ti sọ ọ́ ní Jẹ́jẹ́, orúkọ náà sì mọ́ ọn lára débi pé èmi náà kò pè é ní nǹkan mìíràn mọ́. Nígbà tó wá lẹ́ẹ̀kẹrin, mo gbé ọwọ́ lé ìbàdí.

"Kí ló tún ń jò?"

"Kò sí nǹkan tó ń jò. Mo kàn fẹ́ rí yín ni."

"Tó bá jẹ́ èmi lo fẹ́ rí, yé pè mí ní 'yín'. Mi ò pé méjì."

Ó wo ilẹ̀, ó wo béésìnì, ó wá wò mí. "Mo fẹ́ rí ọ," ó ní. Jẹ́jẹ́ náà ló sọ ọ́, ṣùgbọ́n mo gbọ́ ọ dáadáa lọ́jọ́ yẹn.

Ìdààmú wa bẹ̀rẹ̀ lọ́dọ̀ bàbá mi. Bàbá Lẹ́tà ni gbogbo àdúgbò ń pè é, torí ọdún mẹ́tàlélọ́gbọ̀n ló fi pín lẹ́tà kiri. Ó mọ nọ́ńbà gbogbo ilé, ó mọ ajá tó ń gbéni jẹ àti èyí tó kàn ń pariwo, ṣùgbọ́n òun fúnra rẹ̀ kò ní ilé. Nígbà tí mo wà lọ́mọ ọdún mẹ́sàn-án, onílé wa kó ẹrù wa síta ní ọ̀sán ọjọ́ Ìṣẹ́gun. Bàbá mi ń pín lẹ́tà bọ̀, ó yọ sí òpópónà wa, ó sì rí kọ́bọ́ọ̀dù tirẹ̀ lẹ́bàá títì, ó rí ìyá mi tó jókòó sórí bẹ́ẹ̀dì níta gbangba. Lẹ́tà méjì onílé yẹn ṣì wà nínú àpò rẹ̀. Ó lọ fi wọ́n jíṣẹ́, ó kí i, kó tó wá kó wa lọ. Ìyá mi kú lẹ́yìn ọdún díẹ̀, bàbá mi kò sì jẹ́ kí ọ̀rọ̀ ilé náà jiná lọ́kàn rẹ̀.

Àbúrò ìyá mi ló ṣe alárinà wa. Kọ́tìnnì ló ń tà, ẹnu rẹ̀ sì tà ju ọjà rẹ̀ lọ. Òun ló mú Jẹ́jẹ́ wá sí yàrá bàbá mi lọ́sàn-án ọjọ́ Àìkú, ó ti yin ọmọkùnrin náà tán kó tó jókòó.

"Ó níṣẹ́ lọ́wọ́," Àǹtí ní. "Kì í mutí. Kì í pariwo."

"Mo gbà pé kì í pariwo, mi ò tíì gbọ́ ohùn rẹ̀." Bàbá mi yíjú sí Jẹ́jẹ́. "Ibo lò ń gbé?"

"Ẹ̀yìn ilé epo ni, Bàbá. Yàrá kan ni."

"Yàrá ta ni?"

"Mo háyà ẹ̀ ni, sà."

Bàbá mi gbé ife ọwọ́ rẹ̀ kalẹ̀. "Ó parí nìyẹn. Mi ò kórìíra rẹ o. Àmọ́ wọn ò ní kó ẹrù ọmọ mi síta lẹ́ẹ̀kejì."

"Ọkọ ẹ̀gbọ́n mi," Àǹtí ní, "ẹ̀yin náà háyà ibi tí a jókòó sí yìí."

"Ohun tó jẹ́ kí n mọ̀ ọ́n nìyẹn."

Mo fẹ́ sọ̀rọ̀, Àǹtí tẹ ẹsẹ̀ mi mọ́lẹ̀. Bàbá mi wá gbé ìdánwò kan kalẹ̀ tí n kò gbọ́ irú rẹ̀ rí. Ó ní lọ́jọ́ tí lẹ́tà bá wá fún Jẹ́jẹ́, tí orúkọ rẹ̀ àti nọ́ńbà ilé tirẹ̀ wà lára àpòòwé, kó mú àpòòwé náà wá. "Èèyàn lè parọ́ fún mi," ó ní, "àpòòwé ò lè parọ́ fún mi. Ọjọ́ yẹn ni kí o wá mú ìyàwó rẹ."

Ọdún méjì la fi dúró. Jẹ́jẹ́ máa ń wá bá mi nígbà tí mo bá fẹ́ ti ṣọ́ọ̀bù, a ó rìn dé orígun òpópónà bàbá mi, ó máa dúró síbẹ̀, èmi á sì dá lọ. Ìṣísẹ̀ ogójì ló wà láti orígun yẹn dé ẹnu ọ̀nà wa. Mo kà á títí ó fi sú mi. Nígbà mìíràn mo máa ń bi ara mi pé ṣé kí n kúkú kó ẹrù mi lọ bá a lẹ́yìn ilé epo, àmọ́ mo máa ń rí bàbá mi lẹ́bàá títì pẹ̀lú àpò lẹ́tà lọ́rùn. Owó tí a jọ tọ́jú wá di mílíọ̀nù méjì. Ilé tó kéré jù tí a rí, yàrá méjì àti pálọ̀, mílíọ̀nù méjìlá ni.

"Ta ló ní kí ẹ san án lẹ́ẹ̀kan náà?" Àǹtí béèrè. "Gbogbo àwọn tí mò ń ta kọ́tìnnì fún, báńkì ló bá wọn ra fèrèsé tí wọ́n ń fi í kọ́ sí."

Bí a ṣe gba báńkì lọ nìyẹn. Akọ̀wé tó dá wa lóhùn mọ́ tónítóní, ìwà rẹ̀ sì dára, n kò ní parọ́ mọ́ ọn. Ó yí ìwé kan sí wa. Ìlà méjì ló wà lórí rẹ̀. Mílíọ̀nù mẹ́wàá ni báńkì máa yá wa. Tí a bá fẹ́ fi ọdún mẹ́ẹ̀ẹ́dógún san án, ẹgbẹ̀rún lọ́nà ọgọ́rùn-ún ó lé díẹ̀ la ó máa san lóṣooṣù. Tó bá jẹ́ ọgbọ̀n ọdún, ẹgbẹ̀rún lọ́nà ọgọ́rin.

Jẹ́jẹ́ ń fi ètè ṣírò. Mo mọ ohun tó ń ṣírò. Tí a bá mú ti ọgọ́rùn-ún, a máa tún dúró ọdún kan gbáko kí owó ìgbéyàwó tó jáde. Tí a bá mú ti ọgọ́rin, a lè ṣe é kí ọdún náà tó parí. Mo ro ìṣísẹ̀ ogójì yẹn. Mo na ìka, mo gbé e lé ìlà kejì.

"Èyí tó kéré," mo ní.

"Ọgbọ̀n ọdún pọ̀ o," Jẹ́jẹ́ ní.

"Ṣé o fẹ́ fi mí sílẹ̀ kó tó pé ọgbọ̀n ọdún ni?"

Ó rẹ́rìn-ín. Akọ̀wé náà ní, "Ẹ jẹ́ kí n ṣàlàyé àpapọ̀ rẹ̀ fún yín, iye tó máa jẹ́ nígbà tó bá..."

"Ẹ má ṣèyọnu, ẹ̀gbọ́n," mo ní. "Oníbàárà ń dúró dè mí. Ibo la ti ń fọwọ́ sí i?"

Níbi iṣẹ́ tèmi, ẹni tó dá owó tó kéré lé irun ni oníbàárà máa wá bá. N kò mọ̀ pé ọjà kan wà láyé tó jẹ́ pé èyí tó kéré lójú ló máa gba owó jù lọ́wọ́ ẹni. Mo fọwọ́ síwèé, mo yọ̀, mo tún ra bisikíìtì fún akọ̀wé náà nígbà tí a ń lọ.

Ọ̀sẹ̀ mẹ́ta lẹ́yìn tí a gba kọ́kọ́rọ́, lẹ́tà àkọ́kọ́ dé. Láti báńkì ni. Ayọ̀ kò jẹ́ kí Jẹ́jẹ́ ṣí i. Ó wo orúkọ ara rẹ̀ àti nọ́ńbà ilé lára àpòòwé, ó gbé e bó ṣe wà, ó sáré lọ sọ́dọ̀ bàbá mi, èmi náà ń sáré tẹ̀ lé e. Bàbá mi wọ jígí rẹ̀. Ó fi àtàǹpàkò ra ojú orúkọ náà, ó ka nọ́ńbà ilé sókè, ó tún un kà. Omi bọ́ lójú rẹ̀.

"Ọmọ mi ti wọ ilé," ó ní.

"Ẹ ṣí i, Bàbá," Jẹ́jẹ́ ní.

"Ọdún mẹ́tàlélọ́gbọ̀n, mi ò ṣí lẹ́tà ẹnikẹ́ni. Tìrẹ kọ́ ni màá fi bẹ̀rẹ̀."

Ó gbé e sínú dúrọ́ọ̀ rẹ̀, ó tì í. Ta ló máa gba lẹ́tà lọ́wọ́ àna? A fẹ́ra wa lóṣù kejì, lẹ́tà náà sì wà níbẹ̀.

Ọdún mẹ́fà kọjá.

Ẹ jẹ́ kí n sọ bí ilé onílé ṣe rí nínú, torí ẹni tó wà níta ló ń rí i bí ayọ̀. Jẹ́jẹ́ ń tún páìpù ṣe ní hòtẹ́ẹ̀lì kan láti àárọ̀. Tó bá kúrò níbẹ̀, ó máa ń lọ ṣe iṣẹ́ kéékèèké káàkiri. Lópin ọ̀sẹ̀, ó ń ṣọ́ ilé ìtajà ńlá kan. Èmi máa ń ṣí ṣọ́ọ̀bù lọ́jọ́ méje. Ẹnu ilẹ̀kùn la ti ń pàdé. Ẹni tó ń wọlé á ní "oúnjẹ ńkọ́?", ẹni tó ń jáde á ní "ó wà lórí sítóòfù." Ọkùnrin tó ń wá yẹ páìpù tí kò jò wò nítorí mi, mo wá ń fi bàtà rẹ̀ lẹ́nu ọ̀nà mọ̀ bóyá ó wà nílé. Tí mo bá gbọ́ nípa iṣẹ́ tó dára nílùú mìíràn, mi ò kì í sọ fún un, torí ibo la fẹ́ gbé ilé sí?

Yàrá kékeré kan wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ tiwa tí a kùn ní ọ̀dà òféfèé de ọmọ lọ́dún àkọ́kọ́. Àkàbà nìkan ló wà nínú rẹ̀. Ní gbogbo ìgbà tí mo bá dárúkọ ọmọ, ohun kan náà ni Jẹ́jẹ́ máa ń sọ: "Jẹ́ ká kọ́kọ́ rí ẹ̀yìn owó yìí." Kò sọ ọ́ pẹ̀lú ìbínú rí. Ó dùn mí ju kó bínú lọ.

Mo wá ń tọ́jú owó díẹ̀ láìsọ fún un. Mo ṣírò ní tèmi pé ọdún mẹ́fà nínú ọgbọ̀n, ìdá kan nínú márùn-ún nìyẹn, mílíọ̀nù méjì ti kúrò, ó ku mẹ́jọ. Mo fẹ́ kí báńkì kọ ọ́ sínú ìwé fún mi, kí n gbé e fún Jẹ́jẹ́, kí n ní, "Wò ó, a ti ń rí ẹ̀yìn rẹ̀." Akọ̀wé ọjọ́sí náà ṣì wà níbẹ̀. Ó tẹ kọ̀ǹpútà rẹ̀.

"Ó ku mílíọ̀nù mẹ́sàn-án ààbọ̀, ó dín díẹ̀, mà."

"Ẹ tún un wò."

"Mo ti wò ó lẹ́ẹ̀mejì."

"A ti san nǹkan bíi mílíọ̀nù mẹ́fà!"

"Bẹ́ẹ̀ ni, mà. Èlé la kọ́kọ́ máa ń yọ. Èyí tó bá ṣẹ́ kù la fi ń dín ojú owó kù, ìyẹn owó tí ẹ yá gan-an. Nínú ẹgbẹ̀rún ọgọ́rin àkọ́kọ́ tí ẹ san, ẹgbẹ̀rún márùndínlọ́gọ́rin ni èlé."

"Ìyẹn ni pé ẹgbẹ̀rún márùn-ún péré la san?"

"Ó lé díẹ̀, mà."

"Nígbà tó bá parí, èló ni gbogbo ẹ̀ máa jẹ́?"

"Mílíọ̀nù mọ́kàndínlọ́gbọ̀n."

"Tó bá jẹ́ ọdún mẹ́ẹ̀ẹ́dógún la mú nígbà yẹn ńkọ́?"

"Méjìdínlógún, ó lé díẹ̀."

Ìyàtọ̀ tó wà láàárín méjèèjì ju owó tí a wá yá lọ. Mo wo ìka mi. Ìka lásán ni, èékánná rẹ̀ tilẹ̀ ti kán níbi iṣẹ́.

"Kí ló dé tí ẹ ò sọ fún wa?"

Ó fi sùúrù dá mi lóhùn. "Ó wà nínú lẹ́tà tí a fi ránṣẹ́ sí yín lóṣù àkọ́kọ́, mà. Oṣù kọ̀ọ̀kan àti iye tirẹ̀." Ó tún ń sọ nǹkan lẹ́yìn mi bí mo ṣe ń jáde lọ, n kò dúró gbọ́.

Mo mọ ibi tí lẹ́tà yẹn wà. Mo pe Jẹ́jẹ́ pé kó wá bá mi lọ́dọ̀ bàbá mi. Láti hòtẹ́ẹ̀lì ló ti wá, sípánà ṣì wà lápò rẹ̀. Bàbá mi ṣí dúrọ́ọ̀, ó mú àpòòwé náà jáde, ó ṣì wà ní lílẹ̀ bí ọjọ́ tó wọ ibẹ̀. Kò gbà kí èmi ṣí i. "Orúkọ rẹ kọ́ ló wà lára ẹ̀," ó ní, ó sì gbé e fún ọkọ mi.

Ìwé púpọ̀ ló wà nínú rẹ̀, ìlà kan fún oṣù kan títí dé òpin ọgbọ̀n ọdún. Bàbá mi wọ jígí, ó ń kà á sókè bí ẹni ń ka nọ́ńbà ilé: èlé, iye, ojú owó, iye. Nígbà tó dé ìsàlẹ̀ ìwé tó kẹ́yìn, tó rí àpapọ̀ rẹ̀, ó bọ́ jígí.

"Ọdún mẹ́fà ni eléyìí fi wà ní ìgbèrí mi," ó ní.

"Tí ẹ bá ṣí i náà, Bàbá, a ti fọwọ́ síwèé," Jẹ́jẹ́ ní.

"Ta ló mú ọgbọ̀n ọdún nínú yín?"

Mo la ẹnu.

"Èmi ni, Bàbá," Jẹ́jẹ́ dáhùn.

"Ìwọ? Ìwọ tí ò ń fi ìdajì wákàtí wo páìpù kí o tó fọwọ́ kàn án?"

"Èmi ni. Ojú ló ń kán mi láti fẹ́ ẹ."

Mo dákẹ́. Ohun tí mo ṣe nìyẹn, ẹ máa bú mi. Mo jókòó síwájú bàbá mi, mo jẹ́ kí ọkọ mi gbé ẹ̀bi mi mọ́ gbèsè tó ti ń gbé.

A jáde, a ń rìn lọ. Èmi ni n kò lè mú un mọ́ra.

"Kí ló dé tí o fi parọ́ yẹn?"

"Kì í ṣe irọ́. Ojú ń kán mi lóòótọ́."

"Jẹ́ ká ta ilé yẹn."

Ó dúró. "Tí a bá tà á ní méjìlá tí a rà á, tí a san ti báńkì, tí a san ti àwọn tó bá wa tà á, mílíọ̀nù méjì tí a gbé wá náà ló máa kù. Ọdún mẹ́fà yẹn á wá lọ lásán."

"Ó ti lọ. Títà kọ́ ló máa gbé e lọ."

"Mo mọ̀ ọ́n lára tẹ́lẹ̀," ó ní. "Mò ń ronú ẹ̀ níbi iṣẹ́. Ó dà bí ìgbà tí èèyàn ń fi ṣíbí gbọ́n omi nínú àgbá tí táàpù rẹ̀ ṣí sílẹ̀. Àmọ́ kí ni màá sọ fún bàbá rẹ?"

"Ṣé bàbá mi lo fẹ́ ni, àbí èmi?"

Mo bá sọ èyí tó ti wà lọ́rùn mi tipẹ́. "Mo ti pé ọmọ ọdún mẹ́rìndínlógójì. Ó ku ọdún mẹ́rìnlélógún ká san án tán. Ṣé kí n pé ọgọ́ta kí n tó bímọ? Tí oṣù yìí bá parí tí o ò tíì sọ nǹkan gidi kan fún mi, màá wá yàrá tí agbára mi ká. Mi ò ní bá ọ jà. Màá kàn lọ ni."

Ó wò mí bí ẹni tí wọ́n da omi gbígbóná sí lára. Mo retí kó pariwo, kó bẹ̀ mí, kó ṣe nǹkan. Ó ní òun ti pẹ́ jù, kí òun máa padà síbi iṣẹ́.

Ọ̀sẹ̀ mẹ́ta tó tẹ̀ lé e, mo lọ wo yàrá méjì. Ọ̀kan wà lókè ilé aránbàtà kan, fèrèsé rẹ̀ dára. Tí mo bá dúró níbẹ̀, àyà mi máa ń fúyẹ́, tí mo bá rántí ẹni tí mo fẹ́ fi sílẹ̀, á tún wúwo. Mo nífẹ̀ẹ́ Jẹ́jẹ́. Kò sí ọjọ́ kan tí mi ò nífẹ̀ẹ́ rẹ̀. Bí mo bá kórìíra rẹ̀ ni, ì bá rọrùn.

Ọjọ́ Sátidé tó kẹ́yìn oṣù náà, mo bá Jẹ́jẹ́ nílé láàárọ̀, ó ń gbá pálọ̀, ọjọ́ tó yẹ kó wà níbi ìṣọ́ rẹ̀. Kí n tó bi í, fèrè ọkọ̀ dún níta. Ọkọ̀ akẹ́rù kékeré kan ni. Bàbá mi sọ̀ kalẹ̀ níwájú rẹ̀, ó wọ ṣẹ́ẹ̀tì iṣẹ́ rẹ̀ ìgbà àtijọ́, ó ti bọ́tìnnì rẹ̀ dé ọrùn.

"Ayálégbé yín dé o!" ó ní.

"Bàbá, kí lẹ wí?"

"Mo ti kúrò ní yàrá mi. Ẹgbẹ̀rún mẹ́ẹ̀ẹ́dọ́gbọ̀n ni mò ń san níbẹ̀ lóṣù. Ẹ̀yin ni màá máa san án fún báyìí." Ó bu ọwọ́ sápò, ó yọ ìwé kan tó ti ṣẹ́ po. "Mo lọ bá akọ̀wé yín. Ó ní òun fẹ́ sọ fún ọ, o ò dúró. Owó tí ẹ bá fi kún ti oṣooṣù, kì í wọ èlé, ojú owó ló ń lọ tààrà. Mo ní kó bá mi ṣírò ẹ̀. Tí ẹ bá ń fi mẹ́ẹ̀ẹ́dọ́gbọ̀n mi kún un, ọdún mẹ́rìnlélógún á di méjìlá ààbọ̀."

Mo jókòó sẹ́nu ọ̀nà. "Bàbá, kì í ṣe Jẹ́jẹ́ o. Èmi ni mo fi ìka tọ́ka sí ọgbọ̀n ọdún yẹn."

"Mo mọ̀," ó ní. "Láti kékeré lojú ti ń kán ọ. Dìde, wá bá mi gbé bẹ́ẹ̀dì."

Òun àti awakọ̀ gbé e wọlé. Bàbá mi ò bi ẹnikẹ́ni, ó kọjá pálọ̀, ó forí lé yàrá kékeré, ó ti ilẹ̀kùn rẹ̀ ṣí. "Èyí tó mi," ó ní. "Ẹ bá mi yọ àkàbà yìí."

Kí ni mo fẹ́ sọ? Àgbàlagbà tí kò jẹ́ ká háyà ilé ló wá háyà lọ́dọ̀ wa, nǹkan bí ọdún méjìlá ló gbé wá fún wa lẹ́ẹ̀kan ṣoṣo. Tí mo bá ní rárá, ìkà ni mí. Tí mo bá ní bẹ́ẹ̀ ni, bẹ́ẹ̀dì yẹn wọ yàrá yẹn, kò ní jáde mọ́ nígbà tí mo ṣì lè bímọ. Mo dúró láàárín pálọ̀, mo gbá àpò mi mú, kọ́kọ́rọ́ yàrá òkè ilé aránbàtà wà nínú rẹ̀. Mo ti fi owó tí mò ń tọ́jú san àsansílẹ̀ lánàá.

"Ẹ má gbé e wọbẹ̀!"

Gbogbo wa yíjú sí Jẹ́jẹ́. Awakọ̀ tilẹ̀ fẹ́ sọ bẹ́ẹ̀dì náà sílẹ̀. Lọ́dún mẹ́jọ tí mo ti mọ ọkùnrin yìí, n kò mọ̀ pé ó ní irú ohùn bẹ́ẹ̀ nínú.

"Kí lo wí?" bàbá mi béèrè.

"Ẹ máà bínú, Bàbá. Yàrá yẹn ti lẹ́ni."

"Ta ni? Àkàbà ni mo rí."

"Ọmọ wa ni."

Bàbá mi wo ikùn mi, ó tún wò ó. "Ọmọ wo?"

"Èyí tí a máa bí." Èmi ni Jẹ́jẹ́ yíjú sí, kì í ṣe òun. "Mo ti fi iṣẹ́ ìṣọ́ yẹn sílẹ̀ láàárọ̀ yìí. Mo fẹ́ gbálẹ̀ tán kí n tó sọ fún ọ. Gbèsè yẹn ò ní tán kí a tó bẹ̀rẹ̀ ayé wa, mi ò fẹ́ dúró dè é mọ́."

Ẹkún gbọ̀n mí. Mo ń mi orí pé mo gbà. Bàbá mi jókòó sórí bẹ́ẹ̀dì rẹ̀ lójú ọ̀nà, ó ń wò wá lọ́kọ̀ọ̀kan.

"Ó dáa. Pálọ̀ ni kí ẹ tẹ́ ẹ sí fún mi. Àmọ́ pálọ̀ kì í ṣe yàrá. Èló lẹ máa yọ fún mi nínú owó ilé?"

"Kò sí yíyọ, Bàbá," Jẹ́jẹ́ ní, ohùn rẹ̀ ti padà sípò. "Mẹ́ẹ̀ẹ́dọ́gbọ̀n náà ni."

"Onílé burúkú," bàbá mi ní, ó sì bú sẹ́rìn-ín títí ó fi ń húkọ́.

Èmi náà rẹ́rìn-ín, ṣùgbọ́n mo ti ń ṣírò, torí mo ti kọ́ ọ báyìí. Tí mo bá lóyún kí ọdún yìí tó parí, ọmọ náà á ti pé ọmọ ọdún mọ́kànlá kí ilé tí a bí i sí tó di ti àwọn òbí rẹ̀. Jẹ́jẹ́ àti bàbá mi dìde, wọ́n di ẹsẹ̀ bẹ́ẹ̀dì náà mú, wọ́n ń yí i padà ní pálọ̀. Mo nu ojú mi, mo ní kí wọ́n rọra, kí wọ́n má fi ha ògiri báńkì.